Iye Tí Wọ́n Dá Lé Ìyá Mopé

Oorun tí mo sùn lóru àná, ẹ̀yin ará, kì í ṣe oorun. Kóòtù ni mo lọ. Kí ilẹ̀ tó mọ́, wọ́n ti gbọ́ ẹjọ́ mi, wọ́n ti dá a, wọ́n sì ti dá mi lẹ́bi. Bẹ́ẹ̀ òní gan-an ni wọ́n pè mí sí, bí ẹ ṣe rí mi tí mo jókòó tì yín lórí bẹ́ǹṣì yìí, tí akọ̀wé ò tíì pe orúkọ ẹnikẹ́ni. Ẹ jẹ́ kí n rò ó fún yín kí n tó gbàgbé. Ẹni tó bá fẹ́ rẹ́rìn-ín kó rẹ́rìn-ín, èmi náà rẹ́rìn-ín níbẹ̀.

Kí àlá náà lè yé yín, ẹ kọ́kọ́ mọ̀ mí. Láyíwọlá ni orúkọ mi, iṣẹ́ bíríkìlà ni mò ń ṣe, Bàbá Mopé ni àdúgbò ń pè mí. Lọ́dún tó kọjá, tírélà kan tó ru sìmẹ́ńtì já wá láti orí òkè, bíréèkì rẹ̀ ò mú, ó sì gbá ìyàwó mi Fẹ́yìntọ́lá pa ní oríta ilé epo, níbi tó dúró sí tó ń wá bí yóò ṣe sọdá títì. Àdín ló ń ṣe tà, àdín inú èkùrọ́. Agolo àdín ló gbé rù lọ́jọ́ náà. Ó pẹ́ gan-an kí òórùn àdín tó kúrò lórí títì yẹn, èmi sì ni mo máa ń gba ibẹ̀ lọ síbi iṣẹ́.

Àwọn tó ni tírélà ò jiyàn. Lọ́yà mi, ọ̀dọ́mọkùnrin kan tó ń jẹ́ Akínyọdé, wá bá mi nílé nírọ̀lẹ́ àná, ó ní wọ́n ti gbà pé àwọn jẹ̀bi. Ó ní ohun tó kù kò ju iye lọ.

“Bàbá,” ó ní, “iye ni kóòtù fẹ́ gbọ́ lẹ́nu yín. Èló ni màmá ń mú wọlé? Àwọn wo ló ń jẹun lábẹ́ wọn? Wọ́n á ro ó pọ̀, wọ́n á yọ eléyìí, wọ́n á yọ tọ̀hún, èyí tó bá ṣẹ́kù ni wọ́n máa san. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má dáhùn bí àgbàlagbà. Ẹ dáhùn bí ẹni tó ń tajà.”

Mo ní mo ti gbọ́. Mo bá a dé ẹnu ọ̀nà, mo wọlé, mo jẹ ẹ̀bà, mo sùn. Irọ́ ni mo pa fún un. Mi ò gbọ́ nǹkan kan.

Ó wá di pé mo dé kóòtù, kóòtù ò sí nílẹ̀. Òkè ló wà, ó ń fì síwájú, ó ń fì sẹ́yìn, wọ́n fi okùn so ó mọ́ ìdí igi ògánwó bí ẹni so àgbò iléyá. Mẹ́sẹ́ńjà kan jókòó ti okùn náà, ó ń jẹ ẹ̀pà. Mo kí i, mo ní ṣé kóòtù ò ní sọ̀kalẹ̀ ni.

“Kì í sọ̀kalẹ̀ fún ẹnikẹ́ni,” ó ní. “Ẹ gun àkàbà. Ṣùgbọ́n ẹ bọ́ bàtà yín sílẹ̀, ẹ sì bọ́ ọ̀rọ̀ yín náà sílẹ̀. Àwọn méjèèjì ló wúwo.”

Mo ní ó dáa bẹ́ẹ̀. Mo bọ́ bàtà. Ọ̀rọ̀ ò ṣe é bọ́ bí bàtà, mo bá kì í bọ àpò ṣòkòtò, mo gun àkàbà lọ. Lọ́yà Akínyọdé náà wà nínú àpò ọ̀hún. Kò tóbi ju àtàǹpàkò mi lọ, ó di ìwé rẹ̀ mọ́ra, ó ní kí n rọra máa gùn ún, orí ń yí òun.

Ẹni tí mo kọ́kọ́ rí nígbà tí mo wọlé ni tírélà náà. Ó jókòó síwájú, ó wọ agbádá sányán, ó ń fi ìwé fẹ́ ara rẹ̀. Gbogbo ẹni tó ń wọlé ló ń tẹríba kí i: “Ẹ kú ìrọ́jú o. A gbọ́ pé iná ojú yín kan fọ́.” Òun náà ń mi orí, ó ń ní ẹ ṣeun, Ọlọ́run á máa ṣọ́ wa. Èmi náà kí i. Nílé tiwa, ìbínú kì í ní kéèyàn má kíni. Ó dá mi lóhùn dáadáa, ó ní, “Ẹ̀yin ni ọkọ ìyá alágolo yẹn? Ọ̀rọ̀ yẹn ká mi lára púpọ̀.” Ó fi etí agbádá nu ọ́ìlì kúrò lójú kan tó kù. Mo ní kó má sunkún mọ́.

Ẹjọ́ iná ojú rẹ̀ ni wọ́n kọ́kọ́ pè. Adájọ́ béèrè iye, lọ́yà tírélà mú rìsíìtì jáde, adájọ́ ní kí wọ́n san án. Kò pẹ́ ju kéèyàn sín lọ. Mo pàtẹ́wọ́. Mo ní bí tiwa náà bá ṣe máa yá tó nìyí, màá ti délé kí àwọn ọmọ tó ti ilé ìwé dé.

Adájọ́ fúnra rẹ̀ ò tóbi. Wíìgì ló tóbi. Wíìgì funfun náà bò ó títí dé àyà, ohùn nìkan ló ń ti inú rẹ̀ jáde. Ohùn náà pe orúkọ mi, mo bọ́ síwájú, wọ́n ní kí n búra, mo búra.

“Bàbá, ọmọ mélòó ni olóògbé bí?”

Ẹ̀yin ará, ẹ gbà mí o. Ta ni nínú yín tí wọ́n máa bi ní irú ìbéèrè yẹn lójú agbo tí yóò dáhùn? A kì í ka ọmọ fún ọlọ́mọ. Ìyá tó bí mi lọ́mọ, títí tó fi kú, kò sẹ́ni tó gbọ́ iye wa lẹ́nu rẹ̀. Bí wọ́n bá bi í, yóò ní ọmọ Ọlọ́run ni gbogbo wọn. Mo wo àwọn ojú tó kún inú kóòtù yẹn, mi ò mọ ọmọ ta ni wọ́n, mi ò mọ ohun tó wà nínú wọn. Mo tẹríba.

“Olúwa mi, wọ́n wà níbẹ̀,” mo ní. “A dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run.”

“Mélòó?”

“Wọ́n ṣe díẹ̀, Olúwa mi. Ọlọ́run ló ń bá wa wò wọ́n.”

Akọ̀wé kóòtù, ọkùnrin tín-ín-rín kan tó ní irùngbọ̀n, gbójú sókè. “Kò dá iye kankan,” ó ní. “Ibi tí iye ò bá sí, òfo là ń kọ síbẹ̀.” Ó sì kọ òfo. Bó ṣe kọ ọ́ tán ni etí rẹ̀ méjèèjì gùn, wọ́n rọ̀ wálẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ ojú rẹ̀, irùngbọ̀n rẹ̀ sì wá bá ojú náà mu ju ti tẹ́lẹ̀ lọ. Ó ké mèé lẹ́ẹ̀kan, ó tún kálámù rẹ̀ mú, ó ń bá iṣẹ́ lọ. Kò sẹ́ni tó wò ó lẹ́ẹ̀mejì. Ọ̀pọ̀ ló ti pẹ́ lẹ́nu iṣẹ́ ìjọba tí tiwọn ò hàn síta ni.

Mo wẹ̀yìn wo bẹ́ǹṣì tí àwọn ọmọ mi jókòó lé. Mi ò mọ ìgbà tí wọ́n dé, àmọ́ mo mọ̀ pé wọ́n ti wà níbẹ̀. Wọn ò sí níbẹ̀ mọ́. Bàtà ilé ìwé wọn nìkan ló ṣẹ́kù, wọ́n tò ó sílẹ̀ dáadáa. Mo wá sọ fún ara mi pé wọ́n lọ ra búrẹ́dì ni. Lójú àlá, irú ìdáhùn bẹ́ẹ̀ máa ń tó èèyàn.

Nígbà tí mo máa fi yíjú padà, ẹ̀yìnkùlé wa ni kóòtù ti wà. Iná ń jó. Adájọ́ jókòó sídìí ìkòkò, ó ń ro àdín, wíìgì rẹ̀ ti ń rùn èéfín. Àpótí tí ìyàwó mi máa ń jókòó lé ló jókòó lé.

“Olúwa mi, ẹ rọra jókòó o,” àpótí náà ní. “Ìyá Mopé kì í wúwo tó yín, bẹ́ẹ̀ kì í kúrò lórí mi láti àárọ̀ títí oòrùn fi ń wọ̀.”

Lọ́yà tírélà fò dìde. “Mo ta ko ọ̀rọ̀ àpótí yìí! Ará ilé olóògbé ni.”

Adájọ́ ní òótọ́ ni, kí àpótí pa ẹnu mọ́. Àpótí pa ẹnu mọ́. Mo bẹ̀ ẹ́ pé kó má bínú.

“Bàbá, èló ni olóògbé ń rí lórí àdín lóṣù?”

Kí n má purọ́ fún yín, mi ò mọ̀. Ọkọ wo ló ń bi ìyàwó rẹ̀ ní iye tó so mọ́ etí ìró? Owó ọjà obìnrin, tirẹ̀ ni. Ohun tí mo mọ̀ ni pé bí òjò bá dá iṣẹ́ bíríkìlà dúró, iná kì í kú nídìí àdògán ilé wa. Iyọ̀ ò tán rí. Owó ilé ìwé ń jáde, mi ò mọ ibi tó ń gbà jáde. Ọdún tí páànù ilé ṣí, mo ti ibi tí mo ti lọ wá owó dé, mo bá káfíńtà lórí òrùlé tó ń kan tuntun, ìyàwó mi ń bu omi fún un mu. Ohun tó yẹ kí n wí nìyẹn. Ẹ gbọ́ ohun tí mo wí.

“Olúwa mi,” mo ní, “ọjà ò fi bẹ́ẹ̀ tà. Díẹ̀díẹ̀ ni. A kàn ń rọ́jú ni.”

“Díẹ̀,” akọ̀wé ní, ó kọ ọ́ sílẹ̀, ìwo méjì sì hù lórí rẹ̀.

Wọ́n gbé òṣùwọ̀n jáde, irú èyí tí wọ́n fi ń wọn kòkó. Wọ́n gbé Díẹ̀ lé e. Kò gùn ju ọmọ ìka lọ. Ó dùbúlẹ̀ síbẹ̀, òtútù ń mú un, ó ń gbọ̀n.

“Ẹ má bínú, Bàbá Mopé,” Díẹ̀ ní. “Bí ẹ ṣe pè mí ni mo ṣe wá.”

Mo ní kò burú. Lẹ́yìn èyí, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í yọ. Ẹ̀yin ará, ẹ ò tíì rí ibi tí àwọn ọ̀mọ̀wé ti ń yọ nǹkan. Ẹni tó ń yọ ẹ̀gún lẹ́sẹ̀ kì í fara balẹ̀ tó wọn.

Lọ́yà tírélà tún agbádá ṣe. “Olúwa mi,” ó ní, “olóògbé yìí máa ń jẹun.” Gbogbo kóòtù ní háà! Ó mi orí bí ẹni tí ọ̀rọ̀ náà dùn. “Ojoojúmọ́ ló ń jẹun. Ohun tó bá fi ẹnu ara rẹ̀ jẹ, kì í ṣe ọkọ tàbí ọmọ ló pàdánù rẹ̀. Kí ẹ bá wa yọ ọ́ kúrò.”

Wọ́n ní kí àwo rẹ̀ wá jẹ́rìí. Àwo náà wọlé, àwo tánganran tó ti ṣá létí, ó ń tijú.

“Kí ni olóògbé máa ń jẹ nínú rẹ?” lọ́yà béèrè.

“Èyí tó bá lẹ̀ mọ́ ìdí ìkòkò,” àwo ní, “nígbà tí gbogbo wọn bá ti jẹ tán. Ọjọ́ mìíràn, ó kàn máa ń fọ̀ mí, á sì dojú mi délẹ̀, láìfi nǹkan kan sínú mi.”

“Ṣùgbọ́n ó ń jẹ.”

“Ó ń jẹ.”

“Ẹ yọ ọ́,” adájọ́ ní. Wọ́n gé Díẹ̀ sí méjì, wọ́n gbé ìdajì kan sọnù. Kò ké. Ó jọ pé ó ti mọ́ ọn lára.

Akínyọdé yọrí láti inú àpò mi. Ohùn rẹ̀ tín-ín-rín bíi ti ẹ̀fọn. “Olúwa mi, iṣẹ́ ilé ńkọ́? Màmá yìí ló ń sè, wọ́n ń fọṣọ, wọ́n ń gbálẹ̀, àwọn ló ń gbé ọmọ tí ara rẹ̀ ò yá pọ̀n títí ilẹ̀ fi ń mọ́.”

“Ta ló ń san owó iṣẹ́ náà fún un?” adájọ́ béèrè.

“Kò sẹ́ni tó ń san án, Olúwa mi.”

“Ẹni tí wọn ò sanwó fún ò ṣiṣẹ́.”

Àwọn èèyàn kan pàtẹ́wọ́, wọ́n ní adájọ́ mọ̀wé. Èmi náà rò ó, mo rí i pé òótọ́ ni. Gbogbo ìgbà tí ìyá mi wẹ̀ mí, tó fi gèlè orí rẹ̀ nu imú mi, mi ò mọ̀ pé ó kàn ń ṣeré ni. Mo bẹ Ọlọ́run pé kó dárí jì mí tí mo fi ń pè é ní òṣìṣẹ́ láti ọjọ́ yìí wá.

Wọ́n wá gbé agbada ńlá kan wọlé. Wọ́n ní ọdún tí olóògbé ì bá tún lò láyé ló wà nínú rẹ̀. Èkùrọ́ ni, eyọ kan fún ọdún kan, agbada náà sì kún. Mo yọ̀. Mo ní kò sí bí wọ́n ṣe máa yọ ọ́ tí kò ní ṣẹ́kù.

Lọ́yà tírélà bu ẹ̀kúnwọ́ kan. “Ti ibà nìyí,” ó ní. “Ibà ì bá pa á lọ́jọ́ kan.” Ó dà á sẹ́nu. Ó tún bu ẹ̀kúnwọ́ mìíràn. “Ti ejò.” Ó rún un. “Èyí ti ogbó. Èyí, bóyá ì bá kọ ọkọ rẹ̀ sílẹ̀. Èyí, nítorí pé ẹ̀ẹ̀kan náà ni Bàbá máa gba owó, wọn ò sì ní dúró dè é títí ọjọ́ alẹ́. Oore ńlá ni, ó yẹ kí wọ́n san nǹkan lé e.” Bó ṣe ń rún un lọ ni ẹnu rẹ̀ ń gùn síwájú, tí ìrù kékeré yọ lẹ́yìn agbádá. Àwọn lọ́yà yòókù gbọ́ òórùn èkùrọ́, gbogbo wọn sáré wá, wọ́n ń fi ìwo ti ara wọn. Adájọ́ náà na ọwọ́, ó mú eyọ kan, ó ní ti àkókò kóòtù tí a lò nìyẹn. Pátákò ni ọwọ́ tó nà.

Ẹ má rò pé ẹ̀rù bà mí. Ewúrẹ́ tó kàwé tó jókòó sí kóòtù, ibi tó yẹ ẹ́ ló wà. Ohun tó bí mi nínú ni pé ìyàwó mi ló fi ọwọ́ ara rẹ̀ pa èkùrọ́ yẹn, òkúta kan lábẹ́, òkúta kan lókè.

“Ẹ dákun,” mo ní, “níbi tí tírélà ti gbá a, ṣé ibà wà níbẹ̀?”

“Ẹ má bínú, Bàbá,” lọ́yà náà fi ẹnu kíkún dá mi lóhùn. “Bí òfin ṣe rí nìyẹn.”

Kí n tó tún sọ̀rọ̀, ẹ̀gbọ́n mi obìnrin, Ìyá Abíọ́nà, ti inú èéfín yọ. Ó fa ìyàwó kan lọ́wọ́, wọ́n fi aṣọ funfun bò ó lójú. Ìyá Abíọ́nà ò mọ bí wọ́n ṣe ń rọra sọ̀rọ̀ lójú ayé, kò mọ̀ ọ́n lójú àlá.

“Láyíwọlá!” ó ní. “Mo ti bá ọ rí òmíràn. Ọkùnrin kì í dá gbé. Kí ló dé tí o rù bẹ́ẹ̀?”

“Ẹ gbọ́, Olúwa mi!” lọ́yà tírélà ké. “Wọ́n ti rí òmíràn! Ohun tí a bá ti rí òmíràn rọ́pò rẹ̀, ṣé ó tún sọnù?”

Wọ́n yọ ti òmíràn náà kúrò. Mo ṣí aṣọ ojú ìyàwó tuntun, ewúrẹ́ ni, ó lẹ́wà díẹ̀. Mo ní káàbọ̀, mo ní ṣé ó mọ àdín ṣe. Ó ní èkùrọ́ jíjẹ nìkan lòun mọ̀.

Ìgbà yẹn ni mo rí Fẹ́yìntọ́lá. Ẹ̀yìn pátápátá ló dúró sí, láàárín àwọn tó wá wòran, agolo àdín wà lórí rẹ̀. Mẹ́sẹ́ńjà elẹ́pà yẹn na ọwọ́ dí i lọ́nà, ó ń sọ fún un pé olóògbé ò gbọ́dọ̀ sọ̀rọ̀ níbi ẹjọ́ ara rẹ̀. Fẹ́yìntọ́lá ò wo ọ̀dọ̀ rẹ̀. Èmi ló ń wò. Ẹ̀yin tí ẹ ti fẹ́ ìyàwó yín pẹ́, ẹ mọ irú wíwò tí mò ń wí.

“Bàbá Mopé,” ó ní, “ta ló ní kí ẹ máa sọ pé díẹ̀ ni?”

“Ìwọ kọ́?” mo ní. “Ìwọ lo máa ń sọ fún gbogbo ẹni tó bá kí ọ pé ọjà ò tà. Ọjọ́ tí o bá tà á tán pátápátá gan-an lo máa ń sọ ọ́ jù.”

“Ojú ayé ni mo ń sá fún nígbà náà,” ó ní. “Èmi tí mo ti kú, kí ni ojú tún fẹ́ fi mí ṣe? Ẹ ka àwọn ọmọ mi, Bàbá Mopé. Ẹ kà wọ́n sókè kí wọ́n gbọ́.”

Ọ̀rọ̀ yẹn dùn mí wọ egungun. Aṣọ tí àwa méjèèjì fi ń bo ara wa lójú ọ̀tá ni mo tún gbé, tí mo fi bò ó mọ́lẹ̀ lójú ẹni tó yẹ kó rí i. Mo ki ọwọ́ bọ àpò, mo fa ọ̀rọ̀ mi yọ, mo gbé e sẹ́nu. Mo dojú kọ adájọ́, mo pe Mopélọ́lá. “Mèé” ló jáde. Mo pe Gbádébọ̀. “Mèé.” Mo pe Oyèwùmí, mo pe Tinúkẹ́, mo fi gbogbo agbára mi pè wọ́n, mèé ṣáá ni. Mo fọwọ́ kan àgbọ̀n mi. Irùngbọ̀n ti wà níbẹ̀.

Inú akọ̀wé dùn. “Ẹlẹ́rìí ti mọ èdè kóòtù,” ó ní, ó sì kọ ọ́ sílẹ̀.

Adájọ́ wo òṣùwọ̀n. Ìyókù Díẹ̀ ti kéré débi pé ó ní láti fi awò ojú wá a. “A ti ro ó pọ̀,” ó ní, “a sì ti yọ èyí tó yẹ ká yọ. Ohun tó ṣẹ́kù kò tó ohun tí à ń dá pe orúkọ. Ṣùgbọ́n iná ojú ọkọ̀ wà níbẹ̀, rìsíìtì sì wà lára rẹ̀. Nítorí náà, Bàbá Mopé, ẹ̀yin lẹ jẹ tírélà ní gbèsè.”

Ẹ bi mí pé kí ni mo ṣe. Mo dọ̀bálẹ̀ gbalaja. Mo ní ẹ ṣeun, Olúwa mi, ẹ ò ní ṣìṣe, ọmọ yín náà á di adájọ́. Bí wọ́n ṣe kọ́ wa nìyẹn: bí wọ́n bá gbá wa létí, a ó dúpẹ́ pé wọn ò lo igi. Tírélà fúnra rẹ̀ ló gbé mi dìde. Ó ní kí n má fòyà, òun ò ní fi ogun mú mi, kí n máa san án díẹ̀díẹ̀. Àwọn ewúrẹ́ pàtẹ́wọ́ pátákò fún un, wọ́n ní ọlọ́kàn rere ni. Mo wo ẹ̀yìn, kí n bẹ Fẹ́yìntọ́lá. Agolo nìkan ni mo rí. Okùn já nídìí ògánwó, kóòtù gbéra, ó ń lọ sókè tòun ti gbogbo wọn, èmi nìkan ni ilẹ̀ abẹ́ rẹ̀ là fún.

Mo jí. Ilẹ̀ ti mọ́, gbogbo ara mi ti tutù fún òógùn. Ẹkún ni mo ń gbọ́. Tinúkẹ́, àbíkẹ́yìn wa, ló jókòó sí ẹnu ọ̀nà tó ń sunkún. Wọ́n ti di ọ̀tún irun rẹ̀ wọ́gọwọ̀gọ, òsì dúró gángán. Mopé ló ń dì í láti ìrọ̀lẹ́ àná, ọwọ́ ti ń dun òun náà, ó ti jáde lọ ní kùtù láti lọ wá ẹni tó máa bá a parí rẹ̀. Mo rí i tó ń ti ọ̀nà bọ̀.

“Bàbá, ẹ káàárọ̀,” ó ní. “Ìyá onídìrí ìsàlẹ̀ ní kí n mú ẹgbẹ̀rún kan náírà wá kí òun tó fọwọ́ kàn án.”

“Owó kí ni?”

“Owó irun ni.”

“Wọ́n máa ń gba owó irun lọ́wọ́ ọmọdé?”

Mopé wò mí bí ẹni tó ń wo àlejò. “Wọ́n ń gbà á, Bàbá,” ó ní. “Màámi ló máa ń dì í fún wa, èmi sì ni lẹ́yìn wọn, òun ni ẹ ò ṣe mọ̀.”

Mo padà jókòó sórí ibùsùn. Ọdún tí mo ti gbé Fẹ́yìntọ́lá sílé kì í ṣe kékeré, ẹnikẹ́ni ò sọ iye ohun kan tó ń ṣe nínú ilé yẹn fún mi rí, àfi òní. Orí ọmọ kan nìyẹn o, irun ọ̀sẹ̀ kan. Mo sunkún. Kì í ṣe ohun ìtìjú, ojú mi ṣì pọ́n, ẹ̀yin náà rí i.

Mo ní kí Mopé má san kọ́bọ̀. Mo ní kó má fi gèlè bo orí àbúrò rẹ̀ rárá. Mo fa ọmọ náà lọ́wọ́, a jọ wá síbí. Òun ló jókòó sẹ́bàá mi yìí, ẹ wo orí rẹ̀ dáadáa, ohun tí mo fẹ́ kí wọ́n rí nìyẹn. Àwọn mẹ́ta tó kù wà nílé ìwé. Mẹ́rin ni wọ́n, mo kà wọ́n, kí ẹni tó ní ojú burúkú gbé e lọ síbòmíràn.

Nígbà tí à ń bọ̀ lọ́nà, ó bi mí pé ṣé adájọ́ ló máa bá òun di apá kejì. Mo ní tí a bá ti wọlé, kó bi í.